Ohun Tí Wọ́n Fi Ń Sọmọ Lórúkọ ní Eruku

Ẹni tí ó bá ń lọ sí Eruku láti Ìlọrin yóò gba Àjàṣẹ́-Ìpo kọjá, yóò dé Òmù-Àrán, yóò sì kọjú sí ìhà ìlà oòrùn. Láti ibẹ̀ lọ ni ojú ilẹ̀ ti ń yí padà. Òkè àti àpáta bẹ̀rẹ̀ sí í yọrí lọ́tùn-ún lósì, igi kaṣú tò sí ẹ̀bá ọ̀nà, oko iṣu sì wà lẹ́yìn wọn. Bí ọkọ̀ bá kọjá Eruku díẹ̀, ó ti bọ́ sí Ẹ̀gbẹ̀, ní Ìpínlẹ̀ Kogí. Kí ìjọba tó dá Ìpínlẹ̀ Kogí sílẹ̀ ní ọjọ́ 27 oṣù Kẹjọ ọdún 1991, abẹ́ Kwárà kan náà ni ìlú méjèèjì wà. Ààlà náà pín ìjọba níyà. Kò pín ọjà níyà, kò sì pín àna níyà.

Orúkọ ilẹ̀ yìí máa ń da àlejò láàmú kí ó tó débẹ̀. Èkìtì ni ìjọba ìbílẹ̀ tí Eruku wà lábẹ́ rẹ̀ ń jẹ́, ṣùgbọ́n kì í ṣe Ìpínlẹ̀ Èkìtì tí olú-ìlú rẹ̀ jẹ́ Adó. Èkìtì ti Kwárà ni. Nígbà tí mo sọ fún àwọn ará ilé mi ní Ìbàdàn pé mo ń lọ sí Èkìtì, ńṣe ni wọ́n di ẹrù lé mi lọ́wọ́ fún ẹ̀gbọ́n wa kan ní Adó. Ó tó ìgbà díẹ̀ kí n tó lè ṣàlàyé fún wọn pé ọ̀nà wa kò pàdé rárá. Ti orúkọ ìlú gan-an tún wà níbẹ̀. E-R-U-K-U ni wọ́n ń kọ ọ́, láìfi àmì ohùn kankan sí i, bẹ́ẹ̀ sì ni mo ṣe kọ ọ́ níhìn-ín. Àlejò tí ó bá wọ ìlú nígbà ọyẹ́, tí ó rí ohun tí táyà ọkọ̀ ń tú sókè, kì í pẹ́ fi orúkọ náà ṣe ẹ̀fẹ̀. Ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀. Àwọn ọmọ ìlú ti gbọ́ ọ tó.

Ọ̀rẹ́ mi kan tí a jọ ṣe agùnbánirọ̀ ni ó pè mí wá. Ìyàwó rẹ̀ bí ọmọbìnrin nígbà tí ọdún 2026 ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé, ọjọ́ ìsọmọlórúkọ sì ti kù sí dẹ̀dẹ̀. Mo ti lọ sí ọ̀pọ̀ ìsọmọlórúkọ ní ìlú ńlá, níbi tí ohun gbogbo ti ń parí láàárín wákàtí kan: àdúrà, orúkọ mẹ́ta, ìrẹsì, fọ́tò. Ti Eruku bẹ̀rẹ̀ láti alẹ́ ọjọ́ tí ó ṣáájú, nítorí pé ilé kò tíì fohùn ṣọ̀kan lórí orúkọ.

Kí n tó sọ ohun tí wọ́n ń bá ara wọn fà, ó yẹ kí n rán wa létí ohun tí ó ṣẹlẹ̀ sí ìlú náà. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ọjọ́ 18 oṣù Kọkànlá ọdún 2025, àwọn agbébọn ya wọ ilé ìjọsìn Christ Apostolic Church kan ní Eruku nígbà tí ìsìn ń lọ lọ́wọ́. Wọ́n pa ènìyàn, wọ́n sì kó ènìyàn 38 wọ inú igbó lọ. Fídíò ìsìn náà, níbi tí a ti ń gbọ́ ìró ìbọn tí àwọn olùjọsìn sì ń sá pamọ́ sábẹ́ àga, tàn káàkiri ayé. Ní ọjọ́ 23 oṣù kan náà ni ìjọba kéde pé gbogbo àwọn 38 náà ti gba ìtúsílẹ̀. Ẹni tí kò mọ ibi tí Eruku wà tẹ́lẹ̀ wá mọ̀ ọ́n. Ṣùgbọ́n iye ni ayé mọ̀. Èmi náà, ní Ìbàdàn, méjìdínlógójì ni mo ń gbọ́ lórí rédíò, méjìdínlógójì náà ni mo sì ń tún sọ fún ẹlòmíràn. Nígbà tí mo dé Eruku ni mo ṣàkíyèsí pé kò sí ẹni tí ó ń dárúkọ iye yẹn níbẹ̀. Ìyá lágbájá ni wọ́n ń wí, ọmọ tẹ̀dó, ìyàwó ẹni tí ó ń ta símẹ́ǹtì.

Oyún ọmọ tí à ń wí yìí ti tóbi nínú ìyá rẹ̀ nígbà tí ọ̀ràn náà ṣẹlẹ̀. Inú ilé ni ó wà lọ́jọ́ náà. Ìyá ọkọ rẹ̀ nìkan ni ó lọ síbi ìsìn tí ó sì sá àsálà padà wálé. Ìdí nìyí tí màmá fi ní orúkọ lọ́kàn. Wọ́n fẹ́ kí orúkọ ọmọ náà ní “ogun” nínú, ogun tí í ṣe ìjà àti ìkónilẹ́rú, kí ẹnikẹ́ni tí ó bá pè é lè béèrè ìdí rẹ̀.

Ìyàwó kúnlẹ̀, ó ní, “Màmá, ẹ dákun, ẹ má bínú. Mi ò fẹ́ kí ó jẹ́ pé ìgbàkígbà tí wọ́n bá ń pe orúkọ ọmọ mi ní kíláàsì, ìbọn ni màá máa gbọ́.”

Màmá kò bínú. Wọ́n kàn béèrè pé, “Bí a kò bá fi sọmọ, ta ni yóò rántí rẹ̀?”

Kò sí ẹni tí ó lè sọ pé màmá ń bèèrè ohun àjèjì. Bí a ti ń ṣe é nìyí láti ìgbà ìwáṣẹ̀. Ní agboolé tí a jókòó sí yẹn, bí wọ́n ti ń pe ara wọn láti yàrá dé yàrá tó fún mi ní ìtàn ọgọ́rùn-ún ọdún. Abíọ́nà ni ẹni tí wọ́n bí sójú ọ̀nà, Bẹ́jídé bá òjò wá, Abọ́sẹ̀dé bá ọ̀sẹ̀ dé, Abíọ́dún bá ọdún. Fìjàbí ni ẹni tí wọ́n bí nígbà tí ìjà wà nínú ilé, ìtìjú kò sì sí nínú kí ó máa jẹ́ ẹ títí di ọjọ́ ogbó. Ẹkúndayọ̀, Rẹ̀mílẹ́kún: ẹ̀yin òǹkàwé mọ̀ pé kí ẹnì kan tó lè jẹ́ irú orúkọ bẹ́ẹ̀, ẹkún ti ṣáájú nínú ilé. A kì í béèrè lọ́wọ́ ẹni tí ń jẹ́ Babátúndé bóyá bàbá bàbá rẹ̀ ti kú kí wọ́n tó bí i. Orúkọ ti sọ ọ́.

Àwọn orúkọ àmútọ̀runwá kò tilẹ̀ fi àyè sílẹ̀ fún àríyànjiyàn. Àjàyí dojú bolẹ̀ wá sáyé, Ìgè fi ẹsẹ̀ wá, Òjó tàbí Àìná gbé olóbì kọ́rùn, irun Dàda ta kókó láti inú oyún. Ọmọ fúnra rẹ̀ ni ó mú orúkọ rẹ̀ dání. Àwọn ará Bálì ní ilẹ̀ Indonéṣíà ní ohun tí ó jọ èyí: Wayan ni àkọ́bí, Made ni ó tẹ̀ lé e, Nyoman ni ẹ̀kẹta, Ketut ni ẹ̀kẹrin, ì báà jẹ́ ọkùnrin, ì báà jẹ́ obìnrin. Àwọn Akan ní ilẹ̀ Gánà wo ọjọ́ ìbí ní tiwọn, tó bẹ́ẹ̀ tí Kofi fi jẹ́ ọmọkùnrin ọjọ́ Ẹtì, tí Kwame jẹ́ ti Àbámẹ́ta, tí Kwasi sì jẹ́ ti ọjọ́ Àìkú. Nǹkan wọ̀nyí rọrùn, torí pé kàlẹ́ńdà tàbí ara ọmọ ni ó ń pinnu. Èyí tí ó le ni orúkọ tí ilé gbọ́dọ̀ fi ẹnu ara rẹ̀ yàn nígbà tí ọkàn ilé kò balẹ̀.

Àbíkú ni ó sì fi èyí hàn jù. Ìyá tí ó ti sin ọmọ mẹ́ta, mẹ́rin, kì í wá orúkọ tí ó dùn. Ó ń bẹ̀bẹ̀ ni, tàbí ó ń tan ikú jẹ. Málọmọ́ àti Dúrósinmí jẹ́ ẹ̀bẹ̀. Kòsọ́kọ́ sọ pé kò sí ọkọ́ tí a ó fi gbẹ́ ilẹ̀ mọ́. Akísàátán ní àkísà tí a ó fi dì í lọ sí igbó ti tán. Àwọn aládùúgbò wa jákèjádò Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà ṣe ohun kan náà láìkọ́ ọ lọ́dọ̀ wa. Akan a máa pe irú ọmọ bẹ́ẹ̀ ní Donkor, ẹrú, kí ikú má ba à ka ọmọ náà sí. Hausa a máa pè é ní Ajuji, ààtàn. Igbo a máa sọ ọ́ ní Ozoemena, kí òmíràn má ṣẹlẹ̀ mọ́, tàbí Onwubiko, ikú jọ̀wọ́. Olóògbé M.K.O. Abíọ́lá, tí wọ́n bí ní Abẹ́òkúta ní ọdún 1937, ni ọmọ kẹtàlélógún tí bàbá rẹ̀ bí, òun sì ni àkọ́kọ́ tí ó yè. Káṣìmáawòó ni wọ́n sọ ọ́: ká ṣì máa wò ó ná. Àwọn òbí náà kò ní ìgboyà láti sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Mo ka orúkọ yẹn sí ọ̀kan lára èyí tí ó jẹ́ olóòótọ́ jù lọ tí òbí tíì fún ọmọ nílẹ̀ wa.

Nítorí náà, ẹ̀rí ti màmá lágbára. Síbẹ̀, ẹ̀rí wà fún ìyàwó pẹ̀lú, inú ìtàn ìkónilẹ́rú gan-an ni ó sì wà.

Ọmọ kan tí ń jẹ́ Àjàyí wà ní Òṣogùn tí wọ́n kó lẹ́rú ní ọdún 1821, tí wọ́n tà á títí tí ó fi dé inú ọkọ̀ ojú omi. Àwọn ọmọ ogun ojú omi Gẹ̀ẹ́sì gba ọkọ̀ náà ní ọdún 1822, wọ́n sì gbé e lọ sí Sàró. Nígbà tí wọ́n ṣe ìrìbọmi fún un ní ọdún 1825, wọ́n fún un ní Samuel Crowther, orúkọ àlùfáà kan ní Lọ́ńdọ̀nù tí kò bá a tan. Ó gbà á, ó sì fi jẹ́ bíṣọ́ọ̀bù. Ṣùgbọ́n kò sọ Àjàyí nù. Ohun tí mo fẹ́ kí a kíyè sí ni pé Àjàyí kò ní nǹkan kan láti sọ nípa oko ẹrú. Ó kàn ń sọ bí ọmọ kan ṣe wọ ayé nínú yàrá ìyá rẹ̀, kí ogun tó dé. Orúkọ yẹn ni ogun kò rí gbà lọ́wọ́ rẹ̀.

Àwọn akọ̀wé ní Freetown, àti ní Havana ní Kúbà, kọ orúkọ ọ̀pọ̀ àwọn tí wọ́n gbà lọ́wọ́ àwọn olówò ẹrú sínú ìwé ńlá. Wọ́n kọ ọ́ bí etí wọn ṣe gbọ́ ọ. Ní ayé ìsinsìnyí, àwọn onímọ̀ ní Amẹ́ríkà kó orúkọ tí ó lé ní 90,000 jọ láti inú àwọn ìwé náà sórí íntánẹ́ẹ̀tì, pẹ̀lú ohùn ẹni tí ń pè é, kí àwọn ọmọ Áfíríkà lè gbọ́ ọ kí wọ́n sì sọ ilẹ̀ tí orúkọ kọ̀ọ̀kan ti wá. Ẹ rò ó wò. Ẹni tí ó ti kú láti bí igba ọdún, tí kò fi sàréè sílẹ̀, ni ẹnì kan ní Òmù-Àrán tàbí ní Kétu lè gbọ́ orúkọ rẹ̀ lónìí kí ó sì wí pé ọmọ wa ni èyí. Iye kò lè ṣe bẹ́ẹ̀. Orúkọ tí ilé fún wọn kí wọ́n tó jáde nílé ni ó ń tọ́ka sí ilé.

Kì í ṣe gbogbo orúkọ tí a ń jẹ́ ni ilé fi ọkàn yàn, bẹ́ẹ̀ ni kí a gbà. Ní Kwárà, níbi tí Ìlọrin wà nítòsí, tí àwọn ọmọ ogun Nupe sì ti gba ilẹ̀ Yàgbà kọjá ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, orúkọ ti rìnrìn àjò púpọ̀. Abubakar di Bákàrè lẹ́nu wa, Muhammad di Mọ́mọ́dù, Abdulhamid di Làmídì, ọjọ́ Jímọ̀ fúnra rẹ̀ sì di orúkọ ènìyàn. Àwọn míṣọ́nnárì náà mú ti wọn wá. Nígbà tí ilé ìwé dé, olùkọ́ béèrè orúkọ bàbá, orúkọ tí bàbá ń jẹ́ fúnra rẹ̀ sì di orúkọ ìdílé lọ́sàn-án kan ṣoṣo. Ìdí nìyí tí ẹ fi lè rí ọmọ ìyá méjì tí ọ̀kan ń jẹ́ Jimoh tí èkejì ń jẹ́ Àjàyí, tí wọ́n sì jọ ń jẹun nínú abọ́ kan. Ní Iceland, àwọn ènìyàn ṣì ń ṣe é bí àwọn bàbá wa ṣe ń ṣe é: orúkọ bàbá ni ọmọ ń fi kún tirẹ̀, “ọmọkùnrin lágbájá”, “ọmọbìnrin lágbájá”, orúkọ ìdílé tí ń wọ́ láti ìran dé ìran kò sì wọ́pọ̀ níbẹ̀ rárá.

Àwọn kan sì wà tí wọ́n kọ ohun tí wọ́n fún wọn. David Brown Vincent, oníwàásù ìjọ Onítẹ̀bọmi ní Èkó, ju orúkọ yẹn nù ní ọdún 1894, ó sì di Mojọlá Àgbébí. Ó tún fi aṣọ òyìnbó sílẹ̀ pẹ̀lú. Mo máa ń rò pé ti aṣọ rọrùn fún un ju ti orúkọ lọ. Aṣọ kò sí nínú ìwé báńkì.

Ẹ jẹ́ kí a padà sí Eruku. Bàbá àgbà ilé náà ni ó parí ọ̀rọ̀ lálẹ́ ọjọ́ yẹn, lẹ́yìn tí wọ́n ti jẹ́ kí gbogbo ènìyàn sọ tẹnu wọn. Wọ́n ní, “Ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ, òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n ẹ má wo ẹnu ọ̀nà nìkan.” Wọ́n wá ní kí ìyá ọmọ kọ́kọ́ sọ tirẹ̀ lówùúrọ̀, kí màmá sì sọ tiwọn láàárín àwọn tó kù, kí ẹnikẹ́ni má ṣe ṣí ẹnu sí i.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kẹjọ, ọyẹ́ mú tó bẹ́ẹ̀ tí wọ́n fi gbé ọmọ wá nínú aṣọ méjì. Wọ́n fi omi kàn án lẹ́nu, wọ́n fi oyin, iyọ̀ àti orógbó ṣe àdúrà, wọ́n sì gbé abọ́ kalẹ̀. Ẹni tí ó bá fẹ́ fún ọmọ lórúkọ yóò ju owó sínú abọ́ náà kí ó tó pe orúkọ. Ìyá ọmọ ni ó kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Orúkọ tí ó pè sọ nípa pípadà wálé. Kò sí ìbọn nínú rẹ̀, kò sí igbó nínú rẹ̀, ṣùgbọ́n kò sí ẹnì kan ní àgbàlá yẹn tí kò mọ àwọn tí ó padà wálé. Obìnrin kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi bú sẹ́kún, kò sì fi ẹkún náà pamọ́. Màmá ju owó sí abọ́ ní ẹlẹ́ẹ̀karùn-ún, wọ́n pe orúkọ tiwọn ketekete, wọ́n padà jókòó. Nígbà tí ó fi máa parí, ọmọ ti ní orúkọ méje àti oríkì kan. Mi ò ní dá ọ̀kankan níbí. Orúkọ ọmọ náà kì í ṣe tèmi láti fi tọrẹ.

Lẹ́yìn ìyá ọmọ ni èmi wà, mo sì sọ ọ́ fún ọ̀rẹ́ mi nígbà tí a ń jẹ iyán lọ́sàn-án ọjọ́ náà. Ọmọ tí kò tíì mọ ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ kò gbọdọ̀ máa ru ẹrù àwọn ọ̀daràn káàkiri. Ó ní òun náà rò bẹ́ẹ̀. Ó dákẹ́ díẹ̀, ó sì ní ṣùgbọ́n màmá ni ó wà níbẹ̀ lọ́jọ́ náà, kì í ṣe àwa.

Kí n tó kúrò ní ìlú, mo rí i tí ó ń kọ fọ́ọ̀mù ìwé ẹ̀rí ọjọ́ ìbí ọmọ náà lórí tábìlì ìta. Àyè mẹ́ta ni fọ́ọ̀mù náà ní: orúkọ ìdílé, orúkọ àkọ́kọ́, orúkọ mìíràn. Orúkọ méje kò lè wọ ibẹ̀. Ó kọ èyí tí ìyàwó rẹ̀ yàn sí ipò kìíní. Ní ti àyè ìkẹta, ó wò ó fún ìgbà pípẹ́, lẹ́yìn náà ó kọ orúkọ tí màmá pè síbẹ̀. Orúkọ náà dúró báyìí láìní àmì ohùn. Bí a bá kọ ọ́ bẹ́ẹ̀, àlejò kò lè mọ̀ bóyá Ògún, irúnmọlẹ̀ alágbẹ̀dẹ, ni wọ́n ń wí, tàbí ogún tí bàbá fi sílẹ̀ fún ọmọ, tàbí ogun. Ìlà kékeré lókè lẹ́tà ni ó pín àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta níyà, kọ̀ǹpútà ọ̀pọ̀ ọ́fíìsì kì í sì í kọ ọ́.

Mo sọ fún un pé wọn yóò yọ ọ́ kúrò níbẹ̀. Ó ní òun mọ̀. Ó mú bírò, ó sì fara balẹ̀ kọ́ àwọn àmì náà sí i lọ́kọ̀ọ̀kan.